Pópó Àgùdà: Àdúgbò Tí Àwọn Apadàbọ̀ Kọ́ sí Àárín Èkó

Ní erékùṣù Èkó, láàárín Gbàgede Tinúbú àti Gbàgede Campos, ni àdúgbò kan wà tí àwọn àgbà Èkó ń pè ní Pópó Àgùdà, èyí tí òpópónà Bámgbóṣé là já, tí òpópónà Kàkáwà, Ọdúnlámì, Tọ́kunbọ̀ àti Ìgbósẹ̀rẹ́ sì yí ká. Àgùdà ni orúkọ tí Yorùbá fún àwọn ọmọ wọn tí wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Bràsíl àti Kúbà, tí àwọn tàbí àwọn ọmọ wọn sì padà wálé. Orúkọ náà ni wọ́n tún ń pe ìjọ Kátólíìkì tí ọ̀pọ̀ nínú wọn mú bọ̀. Ní ìdajì kejì ọ̀rúndún kọkàndínlógún, ìlú Èkó pín sí apá mẹ́rin tí àlejò lè fi ojú dá mọ̀: Ìsàlẹ̀ Èkó, níbi tí ààfin ọba àti agbo ilé àwọn ìjòyè wà, Olówógbowó, níbi tí àwọn Sàró dó sí, ìyẹn àwọn tí ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì gbà sílẹ̀ lọ́wọ́ àwọn olówò ẹrú tí wọ́n sì tọ́ dàgbà ní Sierra Leone, Ẹ̀yìn Ìgbẹ̀tì létí ọ̀sà, tí ó di Marina lẹ́nu àwọn òyìnbó oníṣòwò àti òṣìṣẹ́ ìjọba, àti Pópó Àgùdà, tí ilé rẹ̀ kò jọ ti apá mẹ́ta yòókù.

Ọ̀pọ̀ àkọsílẹ̀ lórí àdúgbò yìí ni ó fi ọrọ̀ àwọn onílé ṣe kókó, bí ẹni pé owó nìkan ni ó gbé àwọn pẹ̀tẹ́ẹ̀sì aláràbarà wọ̀nyẹn dìde. Òótọ́ ni pé owó wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n iṣẹ́ ọwọ́ ni ó dá Pópó Àgùdà sílẹ̀: àwọn mọlémọlé, káfíńtà, gbẹ́nàgbẹ́nà àti alágbẹ̀dẹ tí wọ́n kọ́ṣẹ́ lábẹ́ ìyà oko ẹrú ni wọ́n gbé iṣẹ́ náà padà wálé, tí wọ́n fi kọ́lé fún ara wọn, fún ìjọ Kátólíìkì àti fún àwọn Mùsùlùmí, tí wọ́n sì fi kọ́ ọmọ ọlọ́mọ títí iṣẹ́ náà fi tàn dé àárín ilẹ̀ Yorùbá. Ìtàn àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ yìí ni ó yẹ kí ó ṣáájú, nítorí orúkọ àwọn onílé ṣì wà lára pátákó òpópónà títí di òní, nígbà tí orúkọ àwọn tó mọ ògiri ti fẹ́rẹ̀ẹ́ parẹ́ tán.

Ogun tó fọ́ ilẹ̀ Ọ̀yọ́ àti àwọn ogun tó tẹ̀ lé e ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún kọkàndínlógún sọ ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọmọ Yorùbá di ẹrú tí wọ́n tà létí òkun, Bàhíà sì ni wọ́n kó èyí tó pọ̀ jù lọ nínú àwọn tó dé Bràsíl lọ, níbi tí wọ́n ti ń pè wọ́n ní Nàgó. Ní Salvador, olú ìlú Bàhíà, kì í ṣe gbogbo ẹrú ni ó wà ní oko ìrèké. Ètò kan wà nígboro tí àwọn ará ibẹ̀ ń pè ní ganho, nínú èyí tí ẹrú máa ń jáde lọ wá iṣẹ́ ṣe fún ẹlòmíràn, tí yóò máa san iye kan fún olówó rẹ̀ lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, tí ohun tó bá ṣẹ́kù yóò sì jẹ́ tirẹ̀. Nípa ètò yìí ni ọ̀pọ̀ Nàgó fi di mọlémọlé, káfíńtà, aránṣọ tàbí aláàárù, tí àwọn obìnrin wọn sì ń ta oúnjẹ káàkiri ìlú. Wọn a máa dá owó jọ ní ẹgbẹ́-ẹgbẹ́, bí wọ́n ṣe ń dá èsúsú nílé kí wọ́n tó kó wọn, kí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn lè fi owó náà ra ara rẹ̀ padà. Ní oṣù kìíní ọdún 1835, àwọn Mùsùlùmí Salvador tí wọ́n ń pè ní Malê, tí ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́ Yorùbá, dìde sí àwọn tó kó wọn lẹ́rú. Ìjọba tẹ̀ wọ́n rì. Ó pa àwọn kan, ó na àwọn kan ní pàṣán, ó lé àwọn kan kúrò nílùú, ó sì fi òfin líle de àwọn ọmọ Áfíríkà tó ti gba òmìnira, títí kan àwọn tí kò mọ nǹkan kan nípa ọ̀tẹ̀ náà. Láti ìgbà náà lọ, ẹni tó bá ti ra ara rẹ̀ padà, tó sì rí owó ọkọ̀ san, a máa wo ọ̀nà ilé.

Èkó kọ́ ni gbogbo wọn kọ́kọ́ gúnlẹ̀ sí. Ọ̀pọ̀ dúró ní Agoué, ní Ouidah àti ní Àjàṣẹ́ tí àwọn Potogí sọ ní Porto-Novo, nítorí pé ní ìgbà Ọba Kòsọ́kọ́, tó wà lórí ìtẹ́ Èkó láti 1845 sí 1851, ẹni tó bá ti òkun dé pẹ̀lú ẹrù kò ní ìdánilójú pé ẹrù náà yóò kù sí i lọ́wọ́. Nígbà tí ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì yìnbọn bo Èkó ní oṣù Kejìlá ọdún 1851, tí Ọba Akíntóyè padà sórí ìtẹ́, tí àdéhùn ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 1852 sì fi òfin de òwò ẹrú, ọ̀nà là fún wọn. Benjamin Campbell, tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ aṣojú ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní Èkó ní ọdún 1853, gbà wọ́n sábẹ́ ààbò rẹ̀. Nǹkan bí 130 ìdílé Àgùdà ni ó ti wà ní ìlú ní ọdún náà. Lẹ́yìn tí Ọba Dòsùnmú fi ọwọ́ sí ìwé tó sọ Èkó di ti Gẹ̀ẹ́sì ní oṣù Kẹjọ ọdún 1861, ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí í fún àwọn onílẹ̀ ní ìwé tó ń jẹ́rìí pé ilẹ̀ jẹ́ ti ẹni tó ń gbé orí rẹ̀. Ìwé yìí ṣe pàtàkì nínú ìtàn ilé Àgùdà, nítorí ẹni tó mọ̀ pé kò sí ẹni tó lè lé òun kúrò lórí ilẹ̀ ni yóò fi ògiri tó nípọn àti ọnà tó gba àkókò sí ilé rẹ̀. Ní ìparí àwọn ọdún 1880, nígbà tí Gómìnà Alfred Moloney ń rọ àwọn tó kù ní Bràsíl pé kí wọ́n máa bọ̀, iye àwọn Àgùdà ní Èkó ti lé ní 3,000. Bràsíl fòpin sí oko ẹrú pátápátá ní ọdún 1888, àwọn Àgùdà Èkó sì ṣe ìsìn ìdúpẹ́ àti àjọyọ̀ lórí rẹ̀. Àwọn kan ṣì ń bọ̀ títí ọ̀rúndún náà fi parí: ọkọ̀ Aliança, tó gbéra láti Bàhíà ní ọdún 1899, wà lára àwọn tó kẹ́yìn, àìsàn sì pa nínú àwọn èrò rẹ̀ lójú òkun kí wọ́n tó rí Èkó.

Kí a tó lè mọ ohun tí àwọn apadàbọ̀ yìí mú wọ Èkó, ó yẹ kí a rántí irú ilé tí wọ́n bá níbẹ̀. Ilé Yorùbá ìgbà náà jẹ́ agbo ilé, tí àwọn yàrá rẹ̀ yí àgbàlá ká, tí ọ̀dẹ̀dẹ̀ tí wọ́n bò lórí wà níwájú àwọn yàrá, níbi tí àwọn ará ilé ti ń jókòó, tí wọ́n ti ń ṣiṣẹ́, tí wọ́n sì ti ń gba àlejò. Amọ̀ ni ògiri rẹ̀, koríko ni òrùlé rẹ̀, ẹ̀yìn rẹ̀ ni ó sì kọ sí ojú ọ̀nà. Ilé Àgùdà yí èyí padà. Ojú rẹ̀ ni ó kọ sí òpópónà, ẹnu ọ̀nà ńlá wà láàárín, fèrèsé wà lápá ọ̀tún àti lápá òsì ní iye kan náà, ọ̀dẹ̀dẹ̀ kan ṣoṣo sì gba àárín ilé kọjá láti iwájú dé ẹ̀yìnkùlé, pẹ̀lú yàrá lọ́tùn-ún àti lósì. Pálọ̀ ni yàrá iwájú. Bí ilé bá jẹ́ pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, àtẹ̀gùn yóò gun òkè láti inú ọ̀dẹ̀dẹ̀ yìí tàbí láti ẹ̀yìn, onílé yóò máa gbé òkè, ìsàlẹ̀ yóò sì jẹ́ ṣọ́ọ̀bù, yàrá ẹrù tàbí ibi iṣẹ́. Ilé ìdáná, kànga àti ilé ìwẹ̀ wà ní ẹ̀yìnkùlé.

Àwọn tó bá wo iwájú ilé nìkan máa ń sọ pé ilé òyìnbó Potogí ni, ṣùgbọ́n èyí kò tọ̀nà. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ tí àwọn Àgùdà fà gbọọrọ gba àárín ilé ń ṣe iṣẹ́ tí ọ̀dẹ̀dẹ̀ agbo ilé ń ṣe tẹ́lẹ̀, nítorí ibẹ̀ ni àwọn ọmọdé ti ń ṣeré bí òjò bá ń rọ̀, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń parí ìjà, ibẹ̀ náà ni àwọn ìbátan tó wá láti oko ń sùn sí bí yàrá bá kún. Àwọn yàrá tó dojú kọ ara wọn kì í ṣe ti tọkọtaya kan àti ọmọ wọn. Ìyá onílé, àbúrò rẹ̀, ọmọ iṣẹ́ àti ayálégbé ni wọ́n pín in gbé. Agbo ilé ni àwọn Àgùdà kọ́, wọ́n kàn tò ó ní ọ̀nà tí yóò fi bá ilẹ̀ tóóró ìgboro mu ni.

Bí wọ́n ṣe ń kọ́ ọ náà fi ọwọ́ méjèèjì hàn, ti Yorùbá àti ti Bàhíà. Ilẹ̀ pupa ni wọ́n ń gbẹ́, tí wọ́n ń fi omi pò, tí wọ́n sì ń fi ẹsẹ̀ tẹ̀ títí yóò fi lẹ̀ mọ́ ara. Wọn a mọ ògiri ní ìpele kan, wọn a fi í sílẹ̀ kí ó gbẹ kí wọ́n tó gbé òmíràn lé e, gẹ́gẹ́ bí mọlémọlé Yorùbá ti ń ṣe láti ọjọ́ pípẹ́. Lẹ́yìn-ò-rẹyìn ni bíríkì amọ̀ sísun wọlé. Ògiri náà nípọn gan-an, ìdí nìyí tí inú ilé fi máa ń tutù lọ́sàn-án gangan. Ibi tí ẹ̀kọ́ Bàhíà ti wọlé ni rírẹ́ ògiri àti ọnà ara rẹ̀. Bí iyanrìn àti sìmẹ́ǹtì tí wọ́n fi rẹ́ ògiri bá ṣì tutù, oníṣẹ́ yóò mú pátákó pẹlẹbẹ kan tí ó ti gé etí rẹ̀ ní irú ọnà tó fẹ́, yóò sì wọ́ ọ lọ wọ́ ọ bọ̀ lórí rẹ̀ títí ìlà tó yọ síta yóò fi jáde, tí yóò yí ilé ká bí ìgbànú. Òdòdó, ewé, ìràwọ̀ àti orí òpó ni wọ́n máa ń fi ọwọ́ mọ tàbí kí wọ́n dà sínú àpótí onígi tí wọ́n ti gbẹ́ sílẹ̀, kí wọ́n tó lẹ̀ wọ́n mọ́ ògiri. Fún fèrèsé tí orí rẹ̀ rí bí ìdajì òbírí, káfíńtà ni yóò kọ́kọ́ kan igi tó tẹ̀ sí àyè fèrèsé, mọlémọlé yóò mọ ògiri lé e lórí, bí ògiri bá gbẹ tán ni wọ́n yóò yọ igi kúrò. Iṣẹ́ àwọn méjèèjì so mọ́ ara wọn débi pé bí ọwọ́ ọ̀kan bá ṣì, ìtìjú ni fún èkejì.

Káfíńtà ni ó tún ni ilẹ̀kùn tí wọ́n gbẹ́ ọnà sí, fèrèsé onípákó tí ń jẹ́ kí afẹ́fẹ́ wọlé láìjẹ́ kí oòrùn wọlé, pátákó ilẹ̀ yàrá òkè, fàráńdà òkè pẹ̀lú àwọn òpó kúkúrú-kúkúrú tí wọ́n tò sí etí rẹ̀, àti igi òrùlé tó ga ṣóńṣó nítorí òjò Èkó. Páànù ni wọ́n fi ń bo òrùlé náà, èyí sì jẹ́ ààbò ní ìlú tí iná ti máa ń jó láti orí ilé koríko kan bọ́ sí òmíràn. Ní ìparí gbogbo rẹ̀, wọn a fi ọ̀dà aláwọ̀ ìyeyè, búlúù tàbí pupa rẹ́súrẹ́sú kun ilé, wọn a sì fi funfun kun àwọn ọnà kí wọ́n lè yọ.

Ilé tí orúkọ rẹ̀ jáde jù lọ nínú irú rẹ̀ wà ní òpópónà Kàkáwà, tí wọ́n ń pè ní Ilé Omi. João Esan da Rocha ni ó kọ́ ọ ní ọdún 1885. Ọmọ Ìjẹ̀ṣà ni; ọmọ nǹkan bí ọdún mẹ́wàá ni nígbà tí wọ́n jí i gbé ní nǹkan bí ọdún 1840 tí wọ́n sì tà á sí Bàhíà, ibẹ̀ ni ó ti dàgbà, tí ó ti gba òmìnira, tí ó ti bímọ, kí ó tó kó ìdílé rẹ̀ wá sí Èkó. Kànga kan wà ní àgbàlá ilé náà tí omi rẹ̀ mọ́, ní àkókò tí omi tó ṣe é mu ṣọ̀wọ́n ní erékùṣù tí ọ̀sà yí ká. Láti inú kànga yìí ni wọ́n ti ń ta omi fún ará ìlú, ní ọ̀pọ̀ ọdún kí omi ẹ̀rọ tó ti Ìjù dé Èkó ní nǹkan bí ọdún 1915. Ọmọ rẹ̀, Candido da Rocha, tí wọ́n bí ní Bàhíà ní ọdún 1860, fi òwò àti ilé kún ọrọ̀ yìí títí orúkọ rẹ̀ fi di àwòkọ́ṣe owó lẹ́nu àwọn ará Èkó, tí ẹni tí wọ́n bá ń bẹ̀ fún owó tó pọ̀ jù fi máa ń bèèrè bóyá òun ni Da Rocha. Ó kú ní ọdún 1959. Moyses, ọmọ ìdílé kan náà, kọ́ iṣẹ́ dókítà ní Edinburgh. Antonio Olinto, òǹkọ̀wé ará Bràsíl tó gbé ní Èkó, fi ilé yìí ṣe ìpìlẹ̀ ìtàn àròsọ rẹ̀ A Casa da Água, tó jáde ní ọdún 1969. Ohun tí ó yẹ kí a fi ọkàn sí nípa Ilé Omi ju owó Candido lọ ni pé ọmọ tí wọ́n tà bí ẹrù padà wá di ẹni tí gbogbo àdúgbò ń wá omi wá sí ilé rẹ̀.

Iṣẹ́ tó tóbi jù ní ọwọ́ àwọn oníṣẹ́ Àgùdà ni ilé ìjọsìn. Kí àlùfáà Kátólíìkì kankan tó wá gbé ní Èkó, ọkùnrin kan tó ti jẹ́ ẹrú rí, tí gbogbo ìlú mọ̀ sí Padre Antonio, ni ó ń kó àwọn Àgùdà jọ fún àdúrà. Francesco Borghero, àlùfáà ará Ítálì, bẹ Èkó wò ní ọdún 1863 ó sì bá ìjọ yìí níbẹ̀. Nígbà tí Pierre Bouche wá fi Èkó ṣe ibùjókòó ní ọdún 1868, ìjọ tó ti dúró ni ó bá, kì í ṣe ilẹ̀ òfìfo. Láàárín ọdún 1878 sí 1881 ni wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì Àgbélébùú Mímọ́, Lazaro Borges da Silva àti Francisco Nobre, ọ̀gá mọlémọlé méjì nínú àwọn Àgùdà, ni wọ́n sì darí iṣẹ́ náà. Ilé yẹn kò sí mọ́. Kàtídírà tó wà níbẹ̀ lónìí ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ ní ọdún 1934 tí wọ́n sì yà sí mímọ́ ní ọdún 1939.

Èyí tó dúró di òní ni mọ́ṣáláṣí Shitta-Bey ní òpópónà Martins, ìtàn rẹ̀ sì ni ó fi hàn jù lọ pé ògiri tó wà láàárín àwọn apá ìlú Èkó kò ga tó bí àwọn ìwé kan ṣe ń sọ. Mohammed Shitta, ọlọ́jà ńlá tí wọ́n bí ní Sierra Leone fún òbí Yorùbá, tó sì fi òwò obì àti eyín erin là lọ́nà odò Ọya, ni ó san owó rẹ̀. Sàró ni, Mùsùlùmí sì ni, ṣùgbọ́n nígbà tí ó fẹ́ kọ́ mọ́ṣáláṣí, Àgùdà ni ó ké sí: João Baptista da Costa, ọ̀gá mọlémọlé tó ti Bràsíl bọ̀, ni ó darí iṣẹ́ náà, Sanusi Aka, mọlémọlé Mùsùlùmí, sì bá a ṣe é. Wọ́n ṣí i ní ọjọ́ kẹrin oṣù Keje ọdún 1894. Ọba Oyèkàn Kìíní wà níbẹ̀, Gómìnà Gilbert Carter wà níbẹ̀, Edward Blyden ọ̀mọ̀wé wà níbẹ̀, Abdullah Quilliam, ọmọ Gẹ̀ẹ́sì tó gba Ìsìláàmù tó sì dá ìjọ Mùsùlùmí sílẹ̀ ní Liverpool, sì wá gẹ́gẹ́ bí aṣojú Súlútánì Abdul Hamid ti ilẹ̀ Túrkì, ó gbé oyè Bey wá fún Shitta, oyè náà ni ìdílé rẹ̀ ń jẹ́ títí di òní. Shitta kú ní ọdún tó tẹ̀ lé e. Da Costa ni wọ́n tún gbé iṣẹ́ mọ́ṣáláṣí gbogboogbò Èkó fún, èyí tí wọ́n ṣí ní ọdún 1913. Wọ́n wó ìyẹn ní àwọn ọdún 1980 kí wọ́n lè kọ́ èyí tó tóbi jù ú lọ. Ẹni tó bá dúró níwájú mọ́ṣáláṣí Shitta-Bey tó sì ti rí ṣọ́ọ̀ṣì Bàhíà rí, kódà nínú àwòrán, yóò dá ọwọ́ tó mọ ọ́n mọ̀. Kò sí ẹni tó rí èyí bí àbùkù nígbà náà, nítorí iṣẹ́ tó dára ni wọ́n wò, wọn kò wo ẹ̀sìn ẹni tó ṣe é.

Láàárín àwọn ilé yìí, ìgbésí ayé kan dàgbà tó ní adùn tirẹ̀. Wọ́n ń sọ èdè Potogí nínú ilé, wọ́n ń sọ Yorùbá ní ojú òpópónà. Ní àwọn ọdún 1880, wọ́n ní ẹgbẹ́ eré orí ìtàgé. Ní ìgbà ọdún Kérésì àti Àjíǹde, àwọn eléré tí wọ́n ń pè ní Káríta pẹ̀lú ìbòjú àti Mẹ́bóì tí wọ́n fi ṣe àwòrán màlúù a máa jó káàkiri. Ní Ọjọ́ Ẹtì tó ṣáájú Àjíǹde, fréjọ̀n, ìyẹn ẹ̀wà tí wọ́n lọ̀ tí wọ́n sì fi omi àgbọn sè, ni oúnjẹ gbogbo ilé, ọ̀pọ̀ ìdílé Èkó tí kì í ṣe Àgùdà sì ń sè é lónìí. Òwò tún so Èkó pọ̀ mọ́ Bàhíà: aṣọ òfì, obì àti ọṣẹ dúdú ń lọ, tábà àti ọtí ń bọ̀. Ènìyàn náà ń lọ, wọ́n ń bọ̀. Martiniano Eliseu do Bonfim, tí wọ́n bí ní Salvador, dé Èkó ní ọdún 1875, ó lọ sí ilé ẹ̀kọ́ níbẹ̀, ó padà sí Bàhíà ní ọdún 1886, ó sì di babaláwo tí gbogbo ènìyàn bọ̀wọ̀ fún níbẹ̀ títí ó fi kú ní ọdún 1943. Ìdílé Campos, tí gbàgede náà ń jẹ́ orúkọ wọn, so Pópó Àgùdà pọ̀ mọ́ Kúbà nípasẹ̀ Hilario Campos.

Ọmọ iṣẹ́ ni ó gbé ọnà Pópó Àgùdà jáde kúrò ní Èkó. Àwọn ọ̀gá bíi Da Costa, Borges da Silva àti Nobre gba ọmọ púpọ̀ tí kì í ṣe Àgùdà, àwọn ọmọ yìí náà sì di ọ̀gá. Nígbà tí ọkọ̀ ojú irin dé Ìbàdàn ní ọdún 1901, tí owó kòkó sì bẹ̀rẹ̀ sí í wọlé ní ọwọ́ àwọn àgbẹ̀ àti oníṣòwò, àwọn ni wọ́n ránṣẹ́ pè. Pẹ̀tẹ́ẹ̀sì tó ní òpó roboto, fèrèsé olórí róbótó àti òdòdó sìmẹ́ǹtì lára, tó ṣì wà ní Ìbàdàn, Ìjẹ̀bú-Òde, Abẹ́òkúta, Iléṣà àti Oǹdó, ìran kan náà ni gbogbo wọn. Mọ́ṣáláṣí ńlá Àjàṣẹ́, tí wọ́n kọ́ ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún ogún, jọ ṣọ́ọ̀ṣì Bàhíà débi pé àlejò máa ń ṣì í mú.

Ìparun Pópó Àgùdà kò bẹ̀rẹ̀ lọ́wọ́ ọjọ́ ogbó. Àjàkálẹ̀ àrùn tí eku ń gbé kiri bẹ́ sílẹ̀ ní Èkó ní ọdún 1924, lẹ́yìn rẹ̀ ni ìjọba dá àjọ kan sílẹ̀ ní ọdún 1928, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Lagos Executive Development Board, láti tún ìlú ṣe. Ní ọdún 1955, àjọ yìí gbé ètò kan kalẹ̀ láti wó ilé tó wà lórí nǹkan bí 70 ékà ní àárín Èkó, kí wọ́n sì kó àwọn ará ibẹ̀ lọ sí Sùúrùlérè. Àwọn alákòóso náà ka yàrá tó kún àti ilé tó há gẹ́gẹ́ bí àìsàn ìlú, wọn kò sì ya ilé tó ní ọnà sọ́tọ̀ kúrò lára ahéré. Peter Marris, tó ṣe ìwádìí láàárín àwọn tí wọ́n kó kúrò, fi hàn nínú ìwé tó gbé jáde ní ọdún 1961 bí ètò náà ṣe tú ìbátan ká tó sì ba ọjà àwọn oníṣòwò kéékèèké jẹ́.

Ohun tó wá le ju ti ìjọba lọ ni iye tí ilẹ̀ Èkó ń tà. Ilé Àgùdà púpọ̀ ti di ilé ẹbí, ìyẹn ilé tí gbogbo ọmọ àti ọmọ-ọmọ ẹni tó kọ́ ọ jọ ni, tí ẹnì kan kò lè dá tà láìjẹ́ pé olórí ẹbí àti àwọn àgbà ìdílé fọwọ́ sí i. Ètò yìí ti dáàbò bo ilé fún ọ̀pọ̀ ọdún, nítorí kò rọrùn láti tà. Ṣùgbọ́n ẹni tí kò lè dá ilé tà kì í fẹ́ dá owó rẹ̀ ná lé e: òrùlé yóò máa jò, ọmọ kan yóò wà ní ìlú ọba, èkejì yóò wà ní Lẹ́kí, ẹjọ́ yóò wà ní kóòtù, títí omi òjò yóò fi wọ inú ògiri amọ̀. Nígbà náà ni ẹni tó fẹ́ kọ́ ilé ìtajà alájà mẹ́fà yóò dé pẹ̀lú owó.

Òfin wà. Láti ọdún 1953 ni ìjọba ti ní òfin tó ń dáàbò bo ohun ìṣẹ̀ǹbáyé, òfin ọdún 1979 sì dá àjọ tó ń bójú tó ilé ìṣẹ̀ǹbáyé àti ohun ìrántí orílẹ̀-èdè sílẹ̀. Ilé kan wà ní Gbàgede Tinúbú tí ìdílé Fernandez kọ́ ní ọdún 1855 fún oúnjẹ àti ọtí títà, tí ìdílé Ọláìyá rà ní ọdún 1933, tí gbogbo Èkó mọ̀ sí Ilọ́jọ̀ Bar; ìjọba kéde rẹ̀ ní ohun ìrántí orílẹ̀-èdè ní ọdún 1956. Ní ọjọ́ kọkànlá oṣù Kẹsàn-án ọdún 2016, ọjọ́ Àìkú, katapílà wó o palẹ̀. Ọgọ́ta ọdún ni ìkéde náà fi wà lórí ìwé, kò sì sí owó àtúnṣe tó tẹ̀ lé e, kò sí ọ̀nà tí àwọn tó ni ilé fi lè jẹ èrè láti ara títọ́jú rẹ̀. Ìkéde tí kò mú owó dání kò lè dá katapílà dúró, èyí sì ni àléébù tó tóbi jù nínú bí wọ́n ṣe ń tọ́jú ohun àtijọ́ ní ilẹ̀ yìí.

Àléébù kejì wà lọ́wọ́ àwọn oníṣẹ́. Bíríkìlà tó lè wọ́ ọnà sí ara ògiri ní ọ̀nà àwọn Àgùdà ti ṣọ̀wọ́n, káfíńtà tó lè tún fèrèsé onípákó ọdún 1890 ṣe náà sì ń dínkù. Ilé tí wọ́n bá fi búlọ́ọ̀kù àti sìmẹ́ǹtì líle dí ògiri amọ̀ rẹ̀, kíákíá ni yóò máa sán, nítorí ara méjèèjì kò bára mu. Ó yẹ kí ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó àti àwọn ilé ẹ̀kọ́ṣẹ́ fi iṣẹ́ yìí sínú ohun tí wọ́n ń kọ́ ọmọ, kí wọ́n sì fi àtúnṣe ilé gidi ṣe ìdánwò. Ó yẹ kí ìdílé tí ilé bàbá wọn ṣì dúró ní Bámgbóṣé, Tọ́kunbọ̀ àti Ọdúnlámì kó ìwé ilẹ̀, ìwé ìrìbọmi àti àwòrán jọ, kí wọ́n jẹ́ kí àwọn ayàwòrán ilé wọn ilé náà kí wọ́n sì ya gbogbo ara rẹ̀ sínú ìwé, kí wọ́n sì kọ orúkọ ẹni tó mọ ọ́n sílẹ̀ bí àgbà kan bá ṣì rántí rẹ̀. Ọdún 2013 ni wọ́n kéde mọ́ṣáláṣí Shitta-Bey ní ohun ìrántí orílẹ̀-èdè. Ó dúró ní òpópónà Martins, Ilé Omi dúró ní Kàkáwà, láti ọ̀dọ̀ àwọn méjèèjì ni iṣẹ́ ìtọ́jú àti àkọsílẹ̀ náà ti lè bẹ̀rẹ̀.